Neutrino, muon, monopole tàbí tachyon: èwo ni kí ẹ fi dá èérún idán inú ìtàn yín?

Bí ẹ bá ń kọ ìtàn nípa ayé kan tí kì í ṣe tiwa, tí ẹ sì fẹ́ kí idán ibẹ̀ ní ìdí, ẹ ó dé ibi tí ẹ ti gbọ́dọ̀ sọ ohun tó ń gbé idán náà rìn. Ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé máa ń dá èérún kan sílẹ̀ níbẹ̀: ohun kan tó kéré ju átọ́ọ̀mù lọ, tó wà nínú afẹ́fẹ́, nínú ẹ̀jẹ̀, nínú òkúta, tí àwọn ọlọ́gbọ́n inú ìtàn sì mọ bí wọ́n ṣe ń darí rẹ̀. Ọ̀nà tó dáa ni. Ibi tó ti máa ń bàjẹ́ ni pé èérún náà a máa lè ṣe ohun gbogbo. Ó ń wo àìsàn, ó ń gbé ènìyàn fò, ó ń pa ọ̀tá, kò sì sí iṣẹ́ kankan tó kọ̀.

Ẹni tó bá mọ ilé oníṣègùn mọ̀ pé oògùn tó lágbára ní èèwọ̀. Èyí kò gbọdọ̀ kanlẹ̀. Ẹni tó gba tọ̀hún kò gbọdọ̀ jẹ oúnjẹ kan báyìí títí ayé rẹ̀. Níbi èèwọ̀ yẹn gan-an ni ìtàn ti ń bẹ̀rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀tá yóò máa wá, ibẹ̀ sì ni akọni yóò máa ṣọ́. Àwọn èérún tí onímọ̀ físíìsì ti rí, àti àwọn tí wọ́n ṣì ń wá, ní èèwọ̀ tiwọn, wọ́n sì yani lẹ́nu ju ohun tí àwa lè jókòó hùmọ̀ lọ. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń rọ ẹni tó bá fẹ́ dá èérún tirẹ̀ pé kó kọ́kọ́ yan ọ̀kan nínú àwọn tó wà nílẹ̀, kó sì kọ́lé lé e lórí.

Mẹ́rin ni mo gbé síwájú yín. Ìbéèrè mẹ́ta ni mo fi wọ̀n wọ́n: kí ni ó ń kàn, kí ni kì í kàn? Báwo ni ọjọ́ ayé rẹ̀ ṣe gùn tó? Báwo sì ni ẹni tí kò ní idán kankan ṣe lè mọ̀ pé ó kọjá? Ẹ má fojú kékeré wo ìbéèrè kẹta, nítorí òun ló ń fún àwọn èèyàn lásán inú ìtàn ní iṣẹ́ ṣe.

| Èérún | Idán tó bá a mu | Èèwọ̀ rẹ̀ | Ibi tí ìmọ̀ dé |
|---|---|---|---|
| Neutrino | àféèrí | kì í kan nǹkan | wọ́n rí i ní 1956 |
| Muon | kánàkò, ìríran inú òkè | kò gbọdọ̀ dúró | wọ́n rí i ní 1936 |
| Monopole | ìfà àti ìtì, ohun ìṣúra | kò gbọdọ̀ pàdé èkejì rẹ̀ | ìṣirò láti 1931, a kò tíì rí i |
| Tachyon | mímọ ohun tó ń bọ̀ | kò lè rọra rìn | ìṣirò láti 1962, a kò tíì rí i |

Neutrino

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1930 ni Wolfgang Pauli, onímọ̀ físíìsì, kọ lẹ́tà sí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tó ń ṣèpàdé ní Tübingen, ní Jámánì. Nígbà tí irú àwọn átọ́ọ̀mù kan bá tú ẹ̀lẹ́kítírọ́ọ̀nù, èérún kékeré tó ń gbé iná, jáde, agbára tó jáde kì í pé iye tó yẹ. Bí ìyálọ́jà tó ka owó alẹ́ tí kò pé, tó sì mọ̀ pé ẹnì kan ti wọ ìsọ̀ òun tí ojú kò rí, bẹ́ẹ̀ ni Pauli ṣe sọ pé èérún kan wà níbẹ̀ tó ń gbé ìyókù lọ. Ọdún 1956 ni Clyde Cowan àti Frederick Reines tó rí àmì rẹ̀ lẹ́bàá rìákítọ̀ núkílíà ní Savannah River, ní South Carolina.

Kì í kan nǹkan. Nǹkan bíi bílíọ̀nù 65 neutrino láti inú oòrùn ló ń gba orí èékánná àtàǹpàkò yín kọjá ní ìṣẹ́jú-àáyá kan ṣoṣo. Òru kò dá wọn dúró: tí oòrùn bá wà lódì kejì ayé, wọ́n á gba inú ilẹ̀ wá bá yín. Kí ẹ tó lè dá ìdajì wọn dúró, ẹ ó nílò òjé tó nípọn tó ibi tí ìmọ́lẹ̀ lè rìn dé ní odindi ọdún kan.

Ẹ wá gbé èyí fún olè kan nínú ìtàn. Ó gba ara ògiri wọlé, ẹ̀ṣọ́ kò rí i, ọfà kò bà á. Àmọ́ ohun tí kò jẹ́ kí ògiri lè dá a dúró náà ni kò ní jẹ́ kí ọwọ́ rẹ̀ lè gbé àpótí wúrà. Kò lè ṣí ilẹ̀kùn. Kò lè pariwo kí ọmọ rẹ̀ gbọ́. Ilẹ̀ tó dúró lé lórí kò lè gbé e ró, àyàfi tí ẹ bá wá nǹkan ṣe sí i. Ojú tí ìmọ́lẹ̀ ń gbà kọjá láìdúró kò tilẹ̀ lè ríran, nítorí náà ẹ ní láti pinnu bóyá ẹ ó ṣàánú rẹ̀ lórí èyí. Òǹkọ̀wé tó bá tẹ̀lé òfin yìí dé òpin á rí i pé ìtàn olè ti di ìtàn ẹlẹ́rìí, ẹni tó wà níbi gbogbo tí kò lè yí ohunkóhun padà.

Neutrino tún ní ìwà kejì tó dùn mọ́ mi gidigidi. Raymond Davis gbé àgbá ńlá kan sísàlẹ̀ ihò ìwakùsà Homestake ní South Dakota, nǹkan bíi lítà 380,000 kẹ́míkà tí àwọn alágbàfọ̀ ń lò ló sì wà nínú rẹ̀. Kẹ́míkà náà kún fún kúlórínì, torí pé neutrino tó bá ṣèèṣì kan átọ́ọ̀mù kúlórínì á sọ ọ́ di ágọ́nì, èyí tí a lè kà. Ìdá kan nínú mẹ́ta iye tí ìṣirò sọ ló ń rí. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwọn kan rò pé Davis ló ṣì í, àwọn mìíràn rò pé ẹni tó ṣírò oòrùn ni. Kò sẹ́ni tó ṣì nínú wọn. Oríṣi mẹ́ta ni neutrino, ó sì ń yí láti ọ̀kan sí òmíràn lójú ọ̀nà. Àgbá Davis kò sì lè mọ̀ ju oríṣi kan lọ. Ìwádìí ní Japan ní 1998 àti ní Kánádà lẹ́yìn náà ló fìdí rẹ̀ múlẹ̀, Takaaki Kajita àti Arthur McDonald sì gba ẹ̀bùn Nobel lórí rẹ̀ ní 2015. Ìránṣẹ́ tó kúrò nílé ní ẹni kan tó sì débẹ̀ ní ẹlòmíràn: ẹ kò ní láti hùmọ̀ rẹ̀, ó ń ṣẹlẹ̀ lókè orí wa.

Tí ìtàn yín bá nílò ìkìlọ̀, ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ 23 oṣù Kejì ọdún 1987. Ìràwọ̀ kan bú ní Large Magellanic Cloud, àkójọ ìràwọ̀ kan tó wà nítòsí tiwa. Nǹkan bíi neutrino 25 péré ni ibi ìwádìí mẹ́ta lágbàáyé rí, àmọ́ wọ́n dé ní wákàtí díẹ̀ ṣáájú ìmọ́lẹ̀ ìràwọ̀ náà. Wọn kò sáré ju ìmọ́lẹ̀ lọ. Ara ìràwọ̀ ló há ìmọ́lẹ̀ mọ́, nígbà tí kò sí ohun tó lè há neutrino mọ́. Aṣọ́nà tó bá ń gbọ́ èérún yìí yóò mọ̀ pé ìràwọ̀ ti kú kí ojú aráyé tó rí i.

Muon

Carl Anderson àti Seth Neddermeyer ló rí muon ní 1936, láàárín àwọn èérún tó ń rọ̀ láti ojú ọ̀run. Ìwà rẹ̀ dà bíi ti ẹ̀lẹ́kítírọ́ọ̀nù, àmọ́ ó wúwo jù ú lọ ní ìlọ́po 207, kò sì sẹ́ni tó ń retí rẹ̀. Ẹnu ya Isidor Rabi, onímọ̀ físíìsì mìíràn, débi tó fi béèrè pé ta ló ní kí wọ́n gbé e wá.

Ọjọ́ ayé muon kúrú. Ẹ pín ìṣẹ́jú-àáyá kan sí ọ̀nà mílíọ̀nù kan, 2.2 nínú rẹ̀ ni tirẹ̀. Kódà tó bá ń sáré bí ìmọ́lẹ̀, ìwọ̀n mítà 660 ni ìyẹn lè gbé e dé. Bẹ́ẹ̀ sì ni nǹkan bíi kìlómítà 15 lókè orí wa ni a ti ń bí i, nígbà tí èérún láti òfuurufú bá kọlu afẹ́fẹ́. Ó yẹ kí ó kú sójú ọ̀nà. Síbẹ̀ ó ń dé: ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan, nǹkan bíi muon kan ń gba orí ibi tó fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà kan tó sì gùn ní sẹ̀ǹtímítà kan kọjá létí òkun.

Kánàkò nìyẹn, bí Einstein ṣe ṣàlàyé rẹ̀. Ẹni tó dúró sílẹ̀ yóò sọ pé eré tí muon ń sá ló mú kí ọjọ́ ayé rẹ̀ gùn. Bí muon bá lè sọ̀rọ̀, yóò ní rárá, ọjọ́ ayé òun kò yí padà, ọ̀nà ló kúrú. Àwọn méjèèjì ló tọ̀nà. Mo fẹ́ kí ẹ ronú lórí èyí dáadáa, nítorí ó jẹ́ kí òǹkọ̀wé lè ní asọ̀tàn méjì tí ọ̀rọ̀ wọn kò bára mu, tí kò sì sí òpùrọ́ nínú wọn. Ìyàwó tó wà nílé sọ pé ọdẹ náà pẹ́ lọ́nà ṣùgbọ́n kò darúgbó. Ọdẹ sọ pé òun kò pẹ́ rárá, igbó ni kò jìn tó bí wọ́n ṣe wí. Bí ìjà ìdílé bá dá lórí èyí, kò sí àgbà tó lè dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi.

Èèwọ̀ rẹ̀ ni ìdúró. Níwọ̀n ìgbà tó bá ń sáré, ikú ń fà sẹ́yìn fún un. Tó bá ti dúró, kò ju ìwọ̀n tirẹ̀ náà lọ. Ẹ fi wé neutrino, tó lè rìn láti ìgbà ìwáṣẹ̀ títí di òní láìkú. Akọni tó ní agbára neutrino ní gbogbo àkókò ṣùgbọ́n kò lọ́wọ́. Èyí tó ní ti muon lọ́wọ́, kò ní àkókò. Ibi tí ìyàtọ̀ àwọn méjèèjì dúró sí nìyẹn, ó sì yẹ kí ó pinnu irú èèyàn tí ẹ ó fi ṣe akọni.

Iṣẹ́ míì tí muon ń ṣe ni ìríran inú ohun tó nípọn. Luis Alvarez àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé ẹ̀rọ sínú yàrá tó wà lábẹ́ píràmídì Khafre ní Giza ní nǹkan bí 1967 sí 1970, wọ́n ka muon tó ń gba ara òkúta sọ̀ kalẹ̀, wọn kò sì rí yàrá ìkọ̀kọ̀ kankan. Ní 2017, wọ́n fi irú ọ̀nà kan náà wo píràmídì Khufu, wọ́n sì rí àlàfo ńlá kan tó gùn tó mítà 30 ó kéré tán. Ẹ kíyè sí ohun tí idán yìí ń gbà: sùúrù ọ̀pọ̀ oṣù. Òkè ni muon ti ń wá, nítorí náà ẹni tó fẹ́ wo inú ilé gbọ́dọ̀ wà lábẹ́ rẹ̀ tàbí lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó sì ń sọ fún un pé ibì kan ṣófo. Kò ní sọ ohun tó wà nínú òfìfo náà. Amí tó gbẹ́ ihò sábẹ́ ààfin, tó jókòó síbẹ̀ láti òjò dé ẹ̀ẹ̀rùn kó lè mọ̀ pé yàrá kan wà lẹ́yìn ìtẹ́, ṣì ní iṣẹ́ ńlá níwájú rẹ̀.

Monopole

Tí ẹ bá gé irin òòfà sí méjì, ẹ kò ní rí orí àríwá lọ́tọ̀ kí ẹ rí orí gúúsù lọ́tọ̀. Òòfà kékeré méjì ni ẹ ó ní, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú orí méjèèjì. Monopole ni èérún tí yóò jẹ́ orí kan láìní èkejì. Paul Dirac fi hàn ní 1931 pé bí ẹyọ kan péré irú rẹ̀ bá wà níbikíbi lágbàáyé, ìyẹn nìkan tó láti ṣàlàyé ìdí tí agbára iná tó wà lára àwọn èérún fi máa ń wá ní ìwọ̀n pàtó. Ẹyọ kan! Ohun kan tó fara pamọ́ síbì kan, tí wíwà rẹ̀ fi ètò sí gbogbo átọ́ọ̀mù tó wà láyé: n kò mọ ohun ìṣúra inú ìtàn tó níye lórí ju ìyẹn lọ.

Ní ọjọ́ 14 oṣù Kejì ọdún 1982, ẹ̀rọ tí Blas Cabrera gbé kalẹ̀ ní Stanford, wáyà ká-ká tí wọ́n mú tutù débi pé iná ń yí nínú rẹ̀ láìdúró, fi hàn pé iná náà yí padà lójijì lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ní ìwọ̀n tí ìṣirò Dirac sọ fún monopole kan. Wọ́n kọ́ ẹ̀rọ tó tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ lẹ́yìn ìyẹn, wọ́n dúró dè é. Kò tún wá mọ́. Ẹ lè kọ ìwé odindi lórí ẹni tó rí ohun kan lẹ́ẹ̀kan, tó sì mọ̀ pé òun rí i.

Monopole kì í kú fúnra rẹ̀. Ohun kan ṣoṣo tó lè pa á ni kó pàdé èkejì rẹ̀, àríwá pẹ̀lú gúúsù. Àwọn méjèèjì á run papọ̀. Òfin kan náà tó mú kí wọ́n máa fa ara wọn ni yóò pa wọ́n. Bí ẹ bá fi èyí sára ènìyàn méjì nínú ìtàn, ẹ kò nílò ọ̀tá mọ́.

Tachyon

Ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé tuntun ló máa ń sá lọ bá tachyon lákọ̀ọ́kọ́, èmi sì rò pé òun ló yẹ kí wọ́n gbé yẹ̀ wò kẹ́yìn. George Sudarshan àti àwọn méjì mìíràn kọ ìwádìí lórí èérún tó yára ju ìmọ́lẹ̀ lọ ní 1962. Gerald Feinberg fún un lórúkọ ní 1967. Ìṣirò rẹ̀ lẹ́wà. Bí agbára rẹ̀ bá ṣe ń dínkù ni eré rẹ̀ ń pọ̀ sí i, débi pé èyí tí agbára rẹ̀ tán pátápátá ni eré rẹ̀ kò lópin. Kó tó lè rọra rìn débi eré ìmọ́lẹ̀, agbára tí kò lópin ni yóò nílò. Akọni tó ń yára sí i bó ṣe ń rẹ̀ ẹ́, tí kò lè dúró láéláé: ìyẹn dára fún ìtàn kúkúrú kan.

Wàhálà rẹ̀ ni àkókò. Ẹni tó bá lè fi ohun tó yára ju ìmọ́lẹ̀ ránṣẹ́ lè ṣètò rẹ̀ kí èsì dé kí ìbéèrè tó jáde. Nígbà náà, kí ni yóò dá akọni dúró láti kìlọ̀ fún ara rẹ̀ lánàá? Gbogbo ewu inú ìtàn ti tán. Ní 2011, àwọn onímọ̀ tó ń fi neutrino ránṣẹ́ láti CERN, ibi ìwádìí físíìsì ńlá kan lẹ́bàá Geneva, sí Gran Sasso ní Ítálì, ìrìn nǹkan bíi kìlómítà 730, sọ pé ó yá ju ìmọ́lẹ̀ lọ ní bíi 60 nínú bílíọ̀nù ìṣẹ́jú-àáyá. Nígbà tó di 2012, wọ́n rí i pé okùn ẹ̀rọ kan tí kò wọlé dáadáa wà lára ohun tó fà á. Mo gbóríyìn fún wọn, nítorí àwọn fúnra wọn ni wọ́n ní kí ayé bá àwọn yẹ̀ ẹ́ wò.

Axion náà wà, èérún mìíràn tí a kò tíì rí, èyí tí Frank Wilczek fi orúkọ ọṣẹ ìfọṣọ kan sọ. Wọ́n rò pé ó lè di ìmọ́lẹ̀ níbi tí òòfà bá ti le. Ẹ fi pamọ́ fún ìwé kejì.

Bí ẹ ṣe lè yàn, kí ẹ sì sọ ọ́ di tiyín

Bí ìtàn yín bá dá lórí ìrìn-àjò, ìdílé àti àkókò, muon ni mo dá lábàá, òun ni mo sì fẹ́ràn jù nínú àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Bó bá dá lórí àṣírí, amí tàbí ẹ̀mí tí kò lè bá alààyè sọ̀rọ̀, neutrino ni. Wíwá ohun kan ṣoṣo kiri ayé jẹ́ ti monopole.

Lẹ́yìn tí ẹ bá ti yàn, ẹ má gbé e wọlé bó ṣe rí, ẹ má sì yí gbogbo rẹ̀ padà. Ẹ yí ohun kan, kí ẹ sì tẹ̀lé e dé ibi tó bá gbé yín dé. Àpẹẹrẹ kan nìyí. Ẹ jẹ́ ká ní nínú ayé yín, èérún àféèrí náà dà bíi neutrino nínú gbogbo nǹkan, àfi pé ó ń kan kúlórínì pẹ̀lú agbára. Kúlórínì wà nínú iyọ̀. Ní kíá, ògiri tí wọ́n fi omi iyọ̀ rẹ́ yóò di odi tí àféèrí kò lè là kọjá. Àwọn ará etí òkun á di ọlọ́rọ̀, àwọn ará òkè tó ń ra iyọ̀ á máa bẹ̀rù òru. Ọba yóò fi iyọ̀ san owó ẹ̀ṣọ́. Aláféèrí náà ńkọ́? Iyọ̀ wà nínú òógùn rẹ̀, nínú omijé rẹ̀, nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Ara rẹ̀ gan-an ń bá agbára rẹ̀ jà. Kò gbọdọ̀ làágùn nígbà tó bá ń gba inú ògiri, kò sì gbọdọ̀ sunkún. Ohun kan péré ni a yí padà, ọrọ̀ ajé, ogun àti ìbànújẹ́ ayé náà sì ti tò fúnra wọn.

Ohun kan náà ni kí ẹ ṣe fún muon. Ẹ fún un ní ọjọ́ méje dípò 2.2 nínú mílíọ̀nù ìṣẹ́jú-àáyá, kí ẹ fi òfin ìdúró sílẹ̀ bó ṣe wà, kí ẹ wá bi ara yín pé níbo ni oníkánàkò máa ń sùn.

Bí ẹ bá fẹ́ lo méjì papọ̀, ìṣẹ̀dá ti so neutrino àti muon pọ̀ tẹ́lẹ̀. Èérún kan tó ń jẹ́ pion ló ń bí muon, neutrino kan sì ń bá a jáde ní àkókò kan náà. Nígbà tí muon bá kú, ẹ̀lẹ́kítírọ́ọ̀nù kan àti oríṣi neutrino méjì ló ń jáde lára rẹ̀. Ìyẹn ni pé gbogbo oníkánàkò ní aláféèrí kan tí wọ́n jọ wáyé, méjì mìíràn sì ń jáde níbi tó kú sí. Ẹbí tó ń wá ọmọ wọn tó kú sójú ọ̀nà lè to àwo iyọ̀ sí ẹ̀bá ọ̀nà láti mọ ibi tó ṣubú sí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò fi òkú sílẹ̀. Tí ẹ bá fẹ́ fi monopole kún un, ẹ gbé e fún ìlú mìíràn, kí gbogbo agbára má ba wà lọ́wọ́ ẹgbẹ́ kan ṣoṣo. Tachyon ni kí ẹ má fi kún àwọn mẹ́ta wọ̀nyí, nítorí ẹni tó bá lè kìlọ̀ fún ọmọ náà lánàá ti sọ ìwákiri ẹbí yẹn di asán.